Kí ni kí n sọ fún àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n ń fẹ́ kí ológun padà wá?

Olùkọ́ Kàbà kọ ọ́ báyìí:

Ẹ̀yin ará Òkun, ẹ̀yin Yorùbá ìpínlẹ̀ Kogí, mo kí yín o, àgbà àti ọmọdé. Ọ̀rọ̀ kan ni mo gbé wá, mo sì bẹ̀ yín kí ẹ bá mi gbé e yẹ̀ wò, nítorí pé láti ọ̀sẹ̀ méjì sẹ́yìn ni kò ti jẹ́ kí n sùn dáadáa.

Ní ìpàdé àwọn ọ̀dọ́ àdúgbò wa ní Kàbà, níbi tí a ti ń jíròrò lórí ìforúkọsílẹ̀ ìdìbò, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí mo kọ́ ní ilé ẹ̀kọ́ girama dìde. Ó ní òun kò ní dìbò mọ́ láyé òun, ó ní ohun tí òun ń retí ni kí àwọn ológun wá gba ìjọba bí Ibrahim Traoré ti gbà á ní Burkina Faso. Àwa bí ogójì ni a wà níbẹ̀, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé gbogbo wọn ni ó pàtẹ́wọ́ fún un. Èmi tí ó jẹ́ pé iṣẹ́ mi ni láti kọ́ àwọn ọmọ nípa bí a ti ń ṣe ìjọba, n kò rí èsì gidi fọ̀. Mo sọ pé òmìnira dára, mo sọ pé ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn ṣe pàtàkì, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà kò wọ̀ wọ́n létí, bẹ́ẹ̀ ni kò dùn lẹ́nu èmi tí mo ń sọ ọ́.

Ìdí tí kò fi dùn lẹ́nu mi ni pé èmi náà ní ọgbẹ́. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo dìbò fún gómìnà ni 21 oṣù kọkànlá ọdún 2015. Gbogbo wa ni a rántí ohun tí ó ṣẹlẹ̀: Abubakar Audu ń ṣíwájú, igbákejì rẹ̀ James Faleke sì jẹ́ ọmọ Ẹ̀kìnrìn-Àdé ní Ìjùmú, ṣùgbọ́n Audu kú kí àjọ INEC tó kéde ẹni tí ó wọlé. Ẹgbẹ́ wọn fi ẹlòmíràn rọ́pò rẹ̀, Faleke gbé ẹjọ́ náà títí dé ilé-ẹjọ́ gíga jùlọ, wọ́n sì da ẹjọ́ náà nù ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2016. Láti 1991 tí wọ́n ti dá ìpínlẹ̀ Kogí sílẹ̀, kò tíì sí ọmọ Òkun kan tí a fi ìbò yàn sí ipò gómìnà.

Ìbéèrè mi ni èyí: èsì wo ni mo lè fún àwọn ọmọ yìí tí kì í ṣe ọ̀rọ̀ inú ìwé lásán? Èkejì, báwo ni àwọn ará Burkina Faso, tí wọ́n fi ọwọ́ ara wọn lé ààrẹ wọn, Blaise Compaoré, lọ ní 2014, ṣe wá di ẹni tí ń pàtẹ́wọ́ fún ológun ní 2022?

Bàbá Ìsánlú fèsì:

Ọmọ mi, mo dúpẹ́ pé o kò fi ọ̀rọ̀ yìí pamọ́. N kò ní bá ọmọ tí ó pàtẹ́wọ́ wí, nítorí pé èmi náà ti pàtẹ́wọ́ rí.

Ìlọrin ni mo ti ń ṣiṣẹ́ ìjọba ní 31 oṣù kejìlá ọdún 1983, nígbà tí àwa ará Kàbà àti Yàgbà ṣì wà lábẹ́ ìpínlẹ̀ Kwara. Orí rédíò ni a ti gbọ́ ọ, Bírígédíà kan tí ń jẹ́ Sani Abacha ni ó ka ọ̀rọ̀ náà, ó ní ìjọba alágbádá ti dópin. A jáde sí títì, a jó. Ìbò 1983 ti kún fún èrú, oúnjẹ ti wọ́n, a sì rò pé ẹni tí ó gbé ìbọn yóò tètè tún ilé ṣe ju ẹni tí ó wọ agbádá lọ.

Kí ọdún tó yípo ni òfin ológun kẹrin ti dé, èyí tí ó sọ pé akọ̀ròyìn tí ó bá kọ ohun tí ó dójú ti òṣìṣẹ́ ìjọba lè lọ sí ẹ̀wọ̀n, kódà bí ohun tí ó kọ bá jẹ́ òtítọ́. Wọ́n fi òfin náà ju Tunde Thompson àti Nduka Irabor, akọ̀ròyìn méjì, sẹ́wọ̀n ní 1984. Òfin kejì gba ìjọba láyè láti ti ènìyàn mọ́lé láìgbé e lọ sí ilé-ẹjọ́. Ní oṣù kẹrin ọdún 1985, wọ́n yìnbọn pa ọkùnrin mẹ́ta nítorí oògùn olóró, bẹ́ẹ̀ ni òfin tí wọ́n fi pa wọ́n kò tíì sí lórí ilẹ̀ nígbà tí ọ̀kan nínú wọn dá ẹ̀ṣẹ̀ náà. Ìgbà náà ni jìnnìjìnnì bò mí. Mo wá rí i pé ẹni tí mo pàtẹ́wọ́ fún nígbà tí ó ń wọlé, n kò ní ọwọ́ tí mo lè fi ṣe é pé kí ó máa jáde. Ológun ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ nìkan ni ó lè lé e, ohun tí ó sì ṣẹlẹ̀ náà nìyẹn nígbà tí Babangida lé Buhari ní 27 oṣù kẹjọ ọdún 1985.

Jẹ́ kí n fi ọ̀kan kún un tí ó kan àwa gan-an. Ọjọ́ yẹn kan náà, 27 oṣù kẹjọ, ní 1991, ni Babangida sọ̀rọ̀ lórí afẹ́fẹ́ tí ó sì gé wa kúrò lára Kwara, tí ó fi wá pọ̀ mọ́ àwọn ará Igálà láti Benue, tí Kogí fi bẹ̀rẹ̀. Àwọn kan yọ̀ nínú wa, àwọn kan sì sunkún. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí ó fi ìwé ìbò lé ará Ìsánlú tàbí ará Kàbà lọ́wọ́ kí ó sọ ibi tí ó fẹ́ wà. Àwọn tí ó ń ké pé ìpínlẹ̀ yìí kò rọgbọ fún Òkun, ẹ rántí pé ológun ni ó yà á bẹ́ẹ̀. Ẹni tí ó sì ka ọ̀rọ̀ lórí rédíò tí mo jó sí ní 1983 ni ó gba ìjọba fúnra rẹ̀ ní oṣù kọkànlá ọdún 1993, lẹ́yìn tí wọ́n ti fagi lé ìbò 12 oṣù kẹfà. Ọdún mẹ́wàá ni ó wà láàárín ijó mi àti ọjọ́ náà.

Ìyá Ẹ̀gbẹ̀ fèsì:

Ẹ kú ọ̀rọ̀ o. Olùkọ́, èmi ni kí n dá ọ lóhùn lórí ti Burkina Faso, nítorí pé Ouagadougou ni mo ti ta aṣọ láti 2009 títí di 2022, n kò sì ní sọ ju ohun tí mo mọ̀ lọ.

Ọdún 27 ni Compaoré lò lórí àga. Ní 2014 ó fẹ́ kí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin yí ìwé òfin padà kí ó lè tún du ipò náà. Ẹgbẹ́ kan wà tí àwọn ọ̀dọ́ akọrin àti agbẹjọ́rò dá sílẹ̀ ní ọdún tí ó ṣáájú, orúkọ rẹ̀ ni Balai Citoyen, ìyẹn ni ìgbálẹ̀ aráàlú, ìgbálẹ̀ gidi ni wọ́n sì ń gbé lọ́wọ́ jáde. Ní 27 oṣù kẹwàá àwọn obìnrin ni ó kọ́kọ́ jáde, tí wọ́n na ọmọorógùn sókè. Ẹ̀yin obìnrin ilé, ẹ mọ ohun tí ọmọorógùn jẹ́ lọ́wọ́ ìyá tí inú ń bí. Ní ọjọ́ 30, àwọn èrò ya wọ ilé ìgbìmọ̀, wọ́n dáná sun ún, ìbò tí wọ́n fẹ́ dì níbẹ̀ kò sì wáyé. Ní ọjọ́ kejì Compaoré fi ìlú sílẹ̀. Àwọn ọmọ náà gbá títì lẹ́yìn rẹ̀, wọ́n kó àwókù táyà àti òkúta kúrò lọ́nà. Nígbà tí àwọn ẹ̀ṣọ́ ààrẹ àtijọ́ tún fi ipá gba ìjọba ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2015, ọ̀sẹ̀ kan péré ni ó mọ, aráàlú tún jáde, ó dópin. Wọ́n dìbò ní oṣù kọkànlá, Roch Kaboré wọlé.

Nígbà náà, bí ẹnikẹ́ni bá sọ fún mi pé ìlú yẹn yóò pàtẹ́wọ́ fún ológun láàárín ọdún méje, ǹ bá sọ pé irọ́ ni.

Ohun tí ó bà á jẹ́ ni ìpakúpa. Ní oṣù kìíní ọdún 2016 àwọn agbésùnmọ̀mí pa ọgbọ̀n ènìyàn ní àárín Ouagadougou. Lẹ́yìn náà ni ó wá di ti abúlé lójoojúmọ́. Ní oṣù kẹfà ọdún 2021 wọ́n pa ènìyàn tí ó lé ní 130 ní Solhan. Ní oṣù kọkànlá ọdún náà wọ́n kọlu àwọn ẹ̀ṣọ́ ìjọba ní Inata, wọ́n pa nǹkan bí àádọ́ta nínú wọn, àṣírí sì tú pé oúnjẹ ti tán lọ́wọ́ àwọn ọmọ yẹn kí ọ̀tá tó dé, ọdẹ ni wọ́n ń ṣe kí wọ́n lè rí nǹkan jẹ. Ọ̀ràn Inata ni ó já ìfun àwọn ènìyàn. Ìyá kan tí ó ń ra aṣọ lọ́wọ́ mi sọ pé, "Wọ́n dìbò fún ìjọba tí kò lè fi ìrẹsì ránṣẹ́ sí ọmọ mi." Kí ni ẹ fẹ́ kí n sọ fún un? Nígbà tí ológun kan tí ń jẹ́ Damiba gba ìjọba lọ́wọ́ Kaboré ní oṣù kìíní ọdún 2022, mo rí àwọn tí wọ́n gbé ìgbálẹ̀ ní 2014 tí wọ́n ń jó. N kò dá wọn lẹ́bi nígbà náà, n kò sì dá wọn lẹ́bi nísinsìnyí.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ìyókù. Damiba kò lò ju oṣù mẹ́jọ lọ, Traoré fi ipá gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ ní 30 oṣù kẹsàn-án, ọmọ ọdún 34 ni nígbà náà. Ó ní ìbò yóò wáyé ní oṣù keje ọdún 2024. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2024 wọ́n fi oṣù 60 kún àkókò tirẹ̀, ní oṣù keje ọdún 2025 wọ́n sì tú àjọ elétò ìdìbò ká pátápátá. Ìpakúpa kò dáwọ́ dúró. Guy Hervé Kam, agbẹjọ́rò tí ó wà lára àwọn tí ó dá ẹgbẹ́ ìgbálẹ̀ sílẹ̀, ni wọ́n wá gbé ní oṣù kìíní ọdún 2024. Àwọn mìíràn tí wọ́n sọ̀rọ̀, ojú ogun ni wọ́n fi tipátipá rán wọn lọ. Ìyá oníbàárà mi náà kò lè na ọmọorógùn mọ́. Mo ń rántí rẹ̀ púpọ̀.

Ọmọ Ìyàrà fèsì:

Mo dọ̀bálẹ̀ fún Bàbá, mo kí Ìyá wa. N kò jiyàn sí ohun tí ẹ rí. Ṣùgbọ́n ẹ jọ̀wọ́, ẹ jẹ́ kí n sọ èyí tí ó wà nínú àwa ọ̀dọ́, nítorí pé bí a kò bá sọ ọ́ níhìn-ín, ibòmíràn ni a ó ti sọ ọ́.

Ẹ ń sọ pé kò sí ilẹ̀kùn tí a lè gbà lé ológun jáde. Èwo ni ilẹ̀kùn tí a gbà lé alágbádá jáde? Àwọn ajínigbé ń gba ènìyàn lọ ní ọ̀nà oko, ìdílé ń ta ilẹ̀ láti san owó ìtúsílẹ̀, kò sì sí òṣìṣẹ́ ìjọba kan tí ó pàdánù iṣẹ́ rẹ̀ nítorí rẹ̀. Ní oṣù kọkànlá ọdún 2023, nígbà tí a ń dìbò gómìnà, INEC fúnra rẹ̀ kéde pé àwọn rí ìwé èsì tí wọ́n ti kọ nǹkan sí kí ìbò tó bẹ̀rẹ̀, ó sì dá ìdìbò dúró ní wọ́ọ̀dù mẹ́sàn-án ní Ògorì-Màgóńgò. Ní 2018 wọ́n ní kí á pe sẹ́nétọ̀ ìwọ̀-oòrùn Kogí padà sílé, àwọn orúkọ kún inú ìwé bí eṣú, ṣùgbọ́n nígbà tí INEC ní kí àwọn tí ó fọwọ́ sí i jáde wá, ìdá 5.34 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn olùdìbò ni ó yọjú. Ìbéèrè mi sí àwọn àgbà ni pé, bí ilẹ̀kùn bá ti di àwòrán tí a yà sára ògiri, kí ni ó burú nínú kí á wá ẹni tí yóò wó ògiri náà?

Agbẹjọ́rò Mọ̀pà fèsì:

Àbúrò mi láti Ìyàrà, ìbéèrè rẹ ni ó lágbára jù nínú gbogbo èyí tí a ti kọ síbí, n kò sì ní fi ọwọ́ yẹpẹrẹ mú un. Mo ti ṣe aṣojú ẹgbẹ́ ní ibùdó ìdìbò lẹ́ẹ̀mẹta, mo sì ti gbé ìwé èsì lọ sí ilé-ẹjọ́, nítorí náà mo mọ bí ilẹ̀kùn yìí ti dógùn-ún tó.

Síbẹ̀ kì í ṣe àwòrán. Ní 2003 Audu wà lórí àga gómìnà ní Lọ́kọ́ja nígbà tí Ibrahim Idris fi ìbò borí rẹ̀. Ní 2008 ilé-ẹjọ́ fagi lé ìbò tí Idris fi padà wọlé, olórí ilé aṣòfin, Clarence Olafemi láti Mọpamúró, jẹ́ adelé fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan títí tí wọ́n fi tún ìbò dì. Ní 2015 kan náà tí ó ń dun Olùkọ́ yìí, Idris Wada ni gómìnà, ẹ̀yìn ni ó wà nínú kíka ìbò: ó ní 199,514, Audu sì ní 240,867. Ìbò lé ẹni tí ó wà lórí àga kúrò ní Kogí yìí, láìsí ìbọn.

Ọ̀ràn Faleke ni mo fẹ́ dúró lé lórí díẹ̀, nítorí pé mo rò pé àwa Òkun kò tíì sọ ọ́ tán fún ara wa. Ohun tí ó pa wá ní 2015 ni àlàfo: òfin sọ ohun tí ó yẹ kí á ṣe bí olùdíje bá kú kí ìbò tó bẹ̀rẹ̀, ó sì sọ ohun tí ó yẹ bí ó bá kú lẹ́yìn tí a ti kéde rẹ̀, ṣùgbọ́n kò sọ ohunkóhun nípa ẹni tí ó kú láàárín méjèèjì. Inú àlàfo yẹn ni ẹ̀tọ́ wa bọ́ sí. Ṣùgbọ́n ẹ ṣí òfin ìdìbò ọdún 2022, abala kẹrìnlélọ́gbọ̀n. Ó sọ pé bí olùdíje fún ipò gómìnà tàbí ààrẹ bá kú lẹ́yìn tí ìbò ti bẹ̀rẹ̀ kí a tó kéde èsì, igbákejì rẹ̀ ni yóò máa bá ìdíje náà lọ, òun ni yóò sì yan igbákejì mìíràn. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ tún un kà. Ohun tí Faleke béèrè tí kò rí gbà ti di òfin fún gbogbo Nàìjíríà. Ó pẹ́, kò sì dá 2015 padà fún wa, ọkàn mi ṣì ń gbọgbẹ́ tí mo bá rántí. Ṣùgbọ́n òfin kẹrin tí Bàbá sọ̀rọ̀ rẹ̀, ta ni ará Ìsánlú lè kọ̀wé sí ní 1984 pé kí ó tún un ṣe?

Ní ti ìpenipadà ọdún 2018, mo kà á yàtọ̀ sí bí o ti kà á. Ìwé òfin, ní abala kọkàndínláàádọ́rin, ní àwọn tí ó fọwọ́ sí i gbọ́dọ̀ ju ìdajì gbogbo ẹni tí ó forúkọ sílẹ̀ ní ẹkùn náà, kí ìbò bẹ́ẹ̀-ni-bẹ́ẹ̀-kọ́ tó tẹ̀ lé e. Ìwé lè kún fún orúkọ, ènìyàn ẹlẹ́ran ara ni INEC béèrè, wọn kò sì yọjú. Bákan náà ni ó rí ní oṣù kẹrin ọdún 2025 fún sẹ́nétọ̀ àárín gbùngbùn Kogí: 208,132 ni ó fọwọ́ sí i, ìdajì àwọn olùdìbò 474,554 ni ó yẹ kí wọ́n jù lọ, INEC sì ní kò pé. Bóyá o fẹ́ràn àwọn sẹ́nétọ̀ náà tàbí o kò fẹ́ràn wọn, ohun tí òfin dáàbò bò níbẹ̀ ni ìbò tí àwọn ènìyàn ti dì tẹ́lẹ̀.

Ó kù kí n sọ ti Senegal, ní kúkúrú. Ní oṣù kejì ọdún 2024 ààrẹ Macky Sall ní kí wọ́n sún ìbò síwájú, ilé aṣòfin sì gbé e lọ sí oṣù kejìlá. Àwọn ènìyàn jáde sí títì, wọ́n pàdánù ẹ̀mí, ṣùgbọ́n ìgbìmọ̀ tí ń bójú tó ìwé òfin sọ pé kò bófin mu. Wọ́n dìbò ní 24 oṣù kẹta. Bassirou Diomaye Faye, ẹni tí ó jáde kúrò lẹ́wọ̀n ní ọjọ́ mẹ́wàá ṣáájú, ni ó wọlé. Ìwọ́de nìkan kò tó, ilé-ẹjọ́ nìkan kò tó, àwọn méjèèjì ni wọ́n jọ ti ilẹ̀kùn náà kí ó tó ṣí.

Olùkọ́, ohun tí mo máa sọ bí mo bá wà ní ìpàdé yín nìyí. N kò ní bi ọmọ náà bóyá ológun dára. Màá bi í pé: bí èyí tí o pè wá bá jí arákùnrin rẹ gbé ní òru, ọ́fíìsì wo ni ìwọ yóò lọ ní òwúrọ̀? Màá sì jókòó títí yóò fi dáhùn.

Ọmọ Ìyàrà fèsì:

Ẹ̀gbọ́n, n kò mọ ti abala kẹrìnlélọ́gbọ̀n yẹn rárá. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ kà á nísinsìnyí ni. Kò sí ẹni tí ó sọ fún wa. Ọkàn mi kò tíì balẹ̀ lórí ọ̀rọ̀ ààbò o, n kò ní purọ́, ṣùgbọ́n n kò lè pàtẹ́wọ́ mọ́ bí mo ti ń pa á tẹ́lẹ̀.

Olùkọ́ Kàbà fèsì:

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín. Bàbá, Ọlọ́run yóò fi ẹ̀mí yín gùn. Ìyá, mo ka ọ̀rọ̀ oníbàárà yín sókè fún ìyàwó mi lálẹ́ àná, a kò sì lè sọ̀rọ̀ fún ìgbà díẹ̀.

Mo ti ránṣẹ́ sí ọmọ náà. Ó ní òun yóò wá sí ìpàdé Sátidé tí ó ń bọ̀, ó sì ní kí n má rò pé òun yóò yí èrò òun padà. Mo sọ fún un pé n kò pè é láti wá yí èrò padà, pé ìbéèrè kan ni mo ní fún un, n ó sì gbọ́ tirẹ̀ pẹ̀lú. Lẹ́yìn rẹ̀ a ó jọ ka abala kẹrìnlélọ́gbọ̀n. Mo tún fẹ́ kí a pín ara wa sí ibùdó ìdìbò àdúgbò wa, kí ẹni méjì dúró ní ọ̀kọ̀ọ̀kan títí wọn yóò fi lẹ èsì mọ́ ògiri, kí wọ́n sì ya àwòrán rẹ̀. Bí ẹnikẹ́ni níhìn-ín bá ya àwòrán èsì ibùdó rẹ̀ ní Kàbà-Bùnú, Ìjùmú tàbí Yàgbà ní 2023, mo bẹ̀ ẹ́ kí ó fi ránṣẹ́ sí mi kí ó tó di Sátidé, kí n lè fi han àwọn ọmọ yìí bí ìwé náà ti rí.